Eré Ìfẹ́ Inú Fóònù àti Ọ̀dọ́ Mùsùlùmí Etí Òkun

Ọpẹ́ ni fún Ọlọ́hun tí ó fún wa ní ojú tí a fi ń ríran, tí yóò sì bi wá léèrè ohun tí a fi ojú náà wò.



Níbi ìpàdé wa kan ní Igbókọ̀dá, a gbé àpótí kékeré kan sí ẹ̀yìn ilẹ̀kùn mọ́sálásí, a ní kí ẹnikẹ́ni tí ó bá ní ìbéèrè tí ojú ń tì í láti fi ẹnu bi wá kọ ọ́ sínú ìwé, kí ó jù ú síbẹ̀. A rò pé ọ̀rọ̀ ààwẹ̀ àti ọ̀rọ̀ ìrun ni a ó bá níbẹ̀. Nígbà tí a ṣí i, ju ìlàjì àwọn ìwé náà lọ ni ó dá lórí ọ̀rọ̀ kan ṣoṣo: àwọn eré ìfẹ́ tí ẹ̀ ń wò nínú fóònù lóru.

Ẹ jẹ́ kí á mú méjì nínú wọn. Arákùnrin kan kọ ìlà kan péré. Ó ní omi tútù tí òun fi ń wẹ ìwẹ̀ jánábà kí òun tó lè kí ìrun àsùbáà ti sú òun, ṣùgbọ́n òun kò mọ bí òun yóò ṣe fi í sílẹ̀. Ìwé kejì gùn. Arábìnrin ni ó kọ ọ́. Wọ́n fẹ́ so yìgì rẹ̀ pẹ̀lú ọmọkùnrin apẹja kan, ẹni tí ó ń kírun, tí kì í parọ́, tí ó sì ń tọ́jú ìyá rẹ̀. Ó ní ọkàn òun wà lọ́dọ̀ rẹ̀ tẹ́lẹ̀. Ṣùgbọ́n láti ìgbà tí òun ti ń wo àwọn eré yìí, bí ọmọkùnrin náà bá ń bá òun sọ̀rọ̀, ńṣe ni ó dà bí ẹni pé kò lẹ́nu. Kò mọ ọ̀rọ̀ dídùn, kò mọ bí a ti ń wo obìnrin, òórùn ẹja ni ara rẹ̀ máa ń rùn. Ó wá béèrè lọ́wọ́ wa pé: ṣé èmi ni ara mi kò yá ni, tàbí òun kì í ṣe ọkọ mi?

A ka ìwé yìí, a sì dákẹ́ fún ìgbà pípẹ́. Kò sí ẹni tí ó rẹ́rìn-ín nínú wa. Òtítọ́ ni pé àwa tí a jókòó yí àpótí náà ká pàápàá ti wo nínú àwọn eré wọ̀nyí, a kò sì fẹ́ fi ara wa pamọ́ sẹ́yìn wàásù. Nítorí náà, ohun tí ẹ ó kà yìí, àwa náà ni a ń bá wí nínú rẹ̀.

Kí ẹ má rò pé òní ni eré wíwò bẹ̀rẹ̀ láàrin wa o. Àwọn bàbá wa wo Ògúndé. Nígbà tí sinimá Aiyé jáde ní 1979, tí Jáiyésimi sì tẹ̀lé e ní 1980, inú gbọ̀ngàn ni ogunlọ́gọ̀ ènìyàn ti ń wò ó. Lẹ́yìn náà ni fídíò dé. Living in Bondage tí Kenneth Nnebue gbé jáde ní 1992 fi han àwọn oníṣòwò pé owó ńlá wà nínú kásẹ́ẹ̀tì, kò sì pẹ́ tí kásẹ́ẹ̀tì fi kún gbogbo ọjà. Lẹ́bàá odò níhìn-ín, ilé ẹni tí ó bá ní jẹnẹrétọ̀ àti tẹlifíṣọ̀n ni a ti ń wò ó. Ẹ ó san owó díẹ̀, ẹ ó jókòó lórí bẹ́ǹṣì, àwọn ọmọdé yóò wà níwájú, àwọn àgbà yóò wà lẹ́yìn. Bí ọkùnrin àti obìnrin inú eré bá ti bẹ̀rẹ̀ sí í sún mọ́ ara wọn jù, àgbàlagbà kan yóò wúkọ́. Ẹlòmíràn yóò dìde, yóò ní òun ń lọ mu omi, yóò sì gba iwájú tẹlifíṣọ̀n kọjá pẹ̀lẹ́pẹ̀lẹ́ títí ohun tí ojú ọmọdé kò yẹ kí ó rí yóò fi kọjá. Ìkọ́ àgbàlagbà yẹn, òfin ni. Ìjọba àpapọ̀ náà ṣe òfin tirẹ̀, òfin 85 ti ọdún 1993, èyí tí ó dá àjọ tí ń yẹ fíìmù àti fídíò wò sílẹ̀, tí wọ́n fi ń kọ ọ́ sára páálí kásẹ́ẹ̀tì pé ti ẹni ọdún méjìdínlógún (18) sókè ni èyí. Ṣùgbọ́n kí á sọ tòótọ́, ìkọ́ àgbàlagbà ni ó ṣiṣẹ́ jù nínú méjèèjì.

Nísinsìnyí, ta ni yóò wúkọ́? Fóònù wà lábẹ́ àpò ìsùn, okùn wà létí, gbogbo ilé ti sùn. Áàpù yóò béèrè bóyá o ti pé ọmọ ọdún méjìdínlógún. Ọmọ ọdún mẹ́tàlá yóò tẹ bẹ́ẹ̀ ni. Ó parí.

Ọ̀rọ̀ wa kì í ṣe lórí gbogbo eré, ẹ jẹ́ kí ó yé yín. Ní oṣù kẹta ọdún 2025, Omoni Oboli gbé eré ìfẹ́ kan tí wọ́n ń pè ní Love in Every Word sórí YouTube, láàrin ọ̀sẹ̀ díẹ̀ ó ti lé ní ogún mílíọ̀nù ìgbà tí wọ́n wò ó. A kò sọ pé ìhòhò wà nínú rẹ̀. Ohun tí a fi ń ṣe àpẹẹrẹ ni bí ebi eré ìfẹ́ ti ń pa ènìyàn tó. Olówó ni ọkùnrin inú eré náà, ẹ̀bùn ni ó ń rọ̀jò lé obìnrin lórí. Àwọn oníṣòwò káàkiri ayé rí irú ebi yìí, wọ́n sì rí i pé ẹni tí ebi ń pa kì í yẹ abọ́ wò.

Àwọn ni wọ́n gbé irú áàpù kan jáde tí eré ìfẹ́ pọ̀ jù nínú rẹ̀, irú bí ReelShort tí ó bẹ̀rẹ̀ ní 2022, àti DramaBox. A gbé eré ibẹ̀ nàró gẹ́gẹ́ bí fóònù ti máa ń wà lọ́wọ́ ẹni. Ìpín kọ̀ọ̀kan kì í ju ìṣẹ́jú kan sí méjì lọ, eré kan sì lè ní ìpín ọgọ́ta títí dé ọgọ́rùn-ún. Àwọn ìpín àkọ́kọ́, ọ̀fẹ́ ni. Nígbà tí ọkàn rẹ bá ti wọ inú rẹ̀ tán, tí ọkùnrin olówó náà ti di ilẹ̀kùn yàrá mú, tí obìnrin ń mí gúlegúle, ibẹ̀ gan-an ni yóò dúró, yóò ní kí o ra kóìnì. O ra kóìnì, ilẹ̀kùn ṣí, ìṣẹ́jú kan kọjá, ilẹ̀kùn mìíràn tún tì. Kí ènìyàn tó wo eré kan parí, ó lè ná tó dọ́là mẹ́wàá sí ogún. Ẹni tí ó bá mọ iye tí dọ́là ń jẹ́ ní náírà yóò mọ iye apẹ̀rẹ̀ ẹja tí ìyẹn jẹ́. Ìtàn ibẹ̀ náà kò sì pọ̀: ọkùnrin olówó tí ó fi ara pamọ́, ìgbéyàwó àdéhùn, ìyàwó tí wọ́n dà tí ó padà wá gbẹ̀san. Ẹ yí orúkọ padà, ìtàn kan náà ni. Èyí tí wọ́n sì ń tà gan-an kì í ṣe ìtàn. Ohun tí ó wà lẹ́yìn ilẹ̀kùn tí wọ́n ní kí o sanwó kí o tó rí ni wọ́n ń tà.

Arákùnrin kan wà láàrin wa, ó gbà wá láyè kí á sọ ọ́ láìdárúkọ, tí ó ń kó owó jọ láti tún ẹ́ńjìnnì ọkọ̀ bàbá rẹ̀ ṣe. Ó fẹ́ ra àwọn ohun èlò náà ní ìgbà tí ẹja bá wọ́n. Nígbà tí ọjọ́ pé, owó kò pé. Kò mutí, kò ta tẹ́tẹ́, kò ní obìnrin níta. Díẹ̀díẹ̀ ni ó ti fi í ra dátà àti kóìnì, lóru, nígbà tí nẹ́tíwọ́ọ̀kì máa ń dára. Bàbá rẹ̀ fi àjẹ̀ wa ọkọ̀ fún ọ̀sẹ̀ mẹ́ta. Ó ní nígbà tí òun rí èjìká bàbá òun ni òun tó mọ iye tí eré náà jẹ́.

Ẹ̀yin tí ẹ bá mọ Ayétòrò mọ bí òkun ti ń jẹ ilẹ̀. Ìlú tí àwọn ènìyàn tẹ̀ dó ní 1947, tí òkìkí rẹ̀ kàn, òkun ti gbé ilé, ọjà àti itẹ́ òkú lọ nínú rẹ̀. Kò sí ọjọ́ kan tí òkun dé tí ó ní òun fẹ́ gba ìlú. Ìgbì kan ń lé òmíràn ni.

Ó dára, kí ni Ọlọ́hun sọ?

Ẹ̀yin ọ̀dọ́ kan máa ń wí pé ẹ̀sìn wa kò fẹ́ ìtàn ìfẹ́. Kì í ṣe bẹ́ẹ̀. Súrátù Yūsúf wà nínú Àlùkùránì, Ọlọ́hun fúnra Rẹ̀ sì pè é ní èyí tí ó dára jù nínú ìtàn. Kí ni ó wà níbẹ̀? Obìnrin ọlọ́rọ̀, ọ̀dọ́mọkùnrin arẹwà, ilé tí kò sí ẹlòmíràn níbẹ̀, àti ìfẹ́-ọkàn tí ó gbóná. Ohun tí wọ́n fi ń ṣe gbogbo eré wọ̀nyí wà níbẹ̀ pátá. Ṣùgbọ́n ẹ lọ ka Áyà 23 títí dé 25, kí ẹ wo bí Ọlọ́hun ṣe sọ ọ́. A gbọ́ pé obìnrin náà ti àwọn ilẹ̀kùn. A gbọ́ pé ó pe Yūsúf wá sọ́dọ̀ ara rẹ̀, pé Yūsúf sá di Ọlọ́hun. A gbọ́ pé aṣọ ya, ẹ̀wù Yūsúf sì ni, láti ẹ̀yìn. Àwọn mùmíní ti ń ka ìtàn yìí láti ohun tí ó lé ní ẹgbẹ̀rún ọdún, tàgbà tọmọdé, nínú ìrun, nínú ilé-kéú, kò sì sí ẹni tí ó rí ìhòhò ẹnikẹ́ni níbẹ̀. Ohun gbogbo yé wa, ojú kò sì rí nǹkan kan.

Ẹ tún kíyè sí ohun kan. Áyà 24 kò fi Yūsúf hàn bí igi. Ó jẹ́ kí ó yé wa pé bí kì í bá ṣe ẹ̀rí Olúwa rẹ̀ tí ó rí ni, ọkàn òun náà ìbá fà sí i. Nítorí náà, arákùnrin tí ó kọ ìlà kan péré, kì í ṣe ìwọ nìkan ni ẹlẹ́ran ara. Ohun tí Yūsúf ṣe ni pé ó sáré lọ sí ẹnu ọ̀nà. Ó mọ̀ pé wọ́n ti ti ilẹ̀kùn náà, síbẹ̀ ó sáré. Iyàtọ̀ tiwa ni pé ẹlòmíràn ni ó ti ilẹ̀kùn mọ́ Yūsúf, àwa ni a ń fi ọwọ́ ara wa tì í, tí a sì tún ń sanwó fún kọ́kọ́rọ́ rẹ̀.

Nínú Súrátù Núúrù, Áyà 30 àti 31, Ọlọ́hun pàṣẹ fún ọkùnrin kí wọ́n rẹ ojú wọn sílẹ̀, Ó sì pàṣẹ bákan náà fún obìnrin. Àwọn arábìnrin kan rò pé ti ọkùnrin nìkan ni ọ̀rọ̀ ojú. Ẹ ka Áyà kejì náà. Nínú Súrátù Ísírá, Áyà 32, Ọlọ́hun kò sọ pé kí á má ṣe sìná nìkan, Ó ní kí á má tilẹ̀ sún mọ́ ọn. Ànábì wa (kí ìkẹ́ àti ọlà Ọlọ́hun máa bá a) sì jẹ́ kí á mọ̀, nínú Hàdíìsì tí Bùhárì àti Múslímù gbà wá, pé ojú ní sìná tirẹ̀, etí ní tirẹ̀, ọkàn a sì máa fẹ́ a sì máa wá. Ẹni tí ó bá ní eré lásán ni òun ń wò, kí ó bi ara rẹ̀ léèrè: ṣé òṣèré méjì tí wọ́n bọ́ra níwájú kámẹ́rà, ara igi ni? Ọmọ ẹni kan ni wọ́n. Ara tòótọ́ ni, ojú tòótọ́ ni o sì fi ń wò ó. Ìtàn nìkan ni irọ́.

Áyà kan wà tí a fẹ́ kí á dúró tì fún ìgbà díẹ̀, nítorí pé àwa ará ilé pákó ni ó kàn jù. Áyà 58 nínú Súrátù Núúrù. Ọlọ́hun ní ìgbà mẹ́ta ni ó yẹ kí àwọn ọmọ tí kò tíì bàlágà pàápàá tọrọ ààyè kí wọ́n tó wọlé bá àgbà: kí ìrun àsùbáà tó tó, ní ọ̀sán gangan nígbà tí ènìyàn bọ́ aṣọ sílẹ̀, àti lẹ́yìn ìrun ìṣáì. Ẹ wo bí Ọlọ́hun ti bọ̀wọ̀ fún àṣírí tọkọtaya tó! Ọmọ inú ilé, ọmọ tí wọ́n bí, kò gbọdọ̀ kàn ṣàdédé wọlé. Ilé wa níhìn-ín, orí òpó ni wọ́n wà, pákó ni ògiri rẹ̀, ènìyàn mẹ́wàá lè sùn sí ìyẹ̀wù méjì. Àwọn bàbá àti ìyá wa gbé inú irú ilé bẹ́ẹ̀, wọ́n bí wa, wọ́n tọ́ wa, aṣọ títa nìkan ni ó wà láàrin, kò sì sí ọmọ kan nínú wa tí ó lè sọ pé òun rí nǹkan kan. Wọ́n fi ìtìjú kọ́ ògiri tí pákó kò lè kọ́. Nísinsìnyí fóònù ń kó yàrá àwọn àjèjì wọ inú ilé náà, kì í tọrọ ààyè, kì í wo aago. Etí ọmọ ọdún méje tí ó sùn lẹ́gbẹ̀ẹ́ ẹ̀gbọ́n rẹ̀ ń gbọ́. Ìyá kan ní Ugbónlá sọ fún wa pé ọmọ òun kékeré ń ṣe bí àwọn inú fóònù sí ọmọ aládùúgbò. Ó ń sunkún bí ó ti ń sọ ọ́.

Ẹ jẹ́ kí á padà sí ìwé arábìnrin wa.

Arábìnrin wa, ara yín yá, ọkọ yín náà kò sì yadi. Ẹ ti ń fi òṣùwọ̀n tí kì í ṣe ti ayé wọ̀n ọ́n ni. Ọkùnrin inú eré yẹn, ẹnìkan ni ó kọ ọ̀rọ̀ rẹ̀ fún un, ẹlòmíràn kun ojú rẹ̀, ẹlòmíràn tan iná sí i, bí ó bá ṣì í sọ, wọ́n á ní kí ó tún un sọ. Ìṣẹ́jú kan ni ó fi ń jẹ́ ọkọ rere. Kì í jí ní aago méjì òru lọ tu àwọ̀n. Ẹnikẹ́ni kò rí i rí nígbà tí ọmọ ń gbóná tí ọkọ̀ kò sì sí. Nínú Súrátù Rúùmù, Áyà 21, Ọlọ́hun dárúkọ ohun mẹ́ta nípa tọkọtaya: ìfọ̀kànbalẹ̀, ìfẹ́ àti àánú. Àwọn oníṣòwò yìí mú ìfẹ́ nìkan nínú mẹ́tẹ̀ẹ̀ta, ìdajì rẹ̀ pàápàá ni wọ́n mú. Àánú kì í dùn wò nínú eré. Ta ni yóò ra kóìnì láti wo ọkùnrin tí ó ń fẹ́ná fún ìyàwó rẹ̀ kí èéfín ẹja má baà pa á lójú? Ṣùgbọ́n ẹ bi àwọn ìyá yín ní Màhín àti Ugbó léèrè, kí ẹ gbọ́ èyí tí wọ́n rántí.

Síbẹ̀, a kò ní parọ́ fún yín pé kò sí òtítọ́ kankan nínú àròyé yín. Ọ̀pọ̀ ọmọkùnrin wa kò mọ ọ̀rọ̀ sọ fún obìnrin. Sùná ni ọ̀rọ̀ dídùn láàrin tọkọtaya. Ànábì wa bá ìyá wa Áíṣà sáré ìje, Áíṣà borí, nígbà mìíràn Ànábì borí, ó sì fi í ṣe ẹ̀fẹ̀. Ọkùnrin tí ó rò pé kíkírun àti mímú ẹja wálé nìkan ni ìyàwó ń fẹ́, kí ó lọ ka ìtàn ilé Ànábì. Nítorí náà, ẹ sọ ọ́ fún ọmọkùnrin náà, pẹ̀lú alágbàtọ́ yín níbẹ̀, pé ẹ fẹ́ kí ó máa bá yín sọ̀rọ̀ sí i. Ẹ má jẹ́ kí ó jẹ̀bi ẹjọ́ tí kò mọ̀ pé wọ́n ń bá òun rò. Kí ẹ sì pa áàpù náà rẹ́ fún ogójì ọjọ́ kí ẹ tó dá yìgì kankan dúró. Bí ọkàn yín kò bá tún sí lọ́dọ̀ rẹ̀ lẹ́yìn náà, ẹ̀tọ́ yín ni láti sọ pé ẹ kò fẹ́, Ìsìláàmù kò fi túláàsì so yìgì ọmọbìnrin.

Àwa tí a jẹ́ àgbà díẹ̀ nínú ẹgbẹ́ yìí, àti àwọn àlùfáà wa, a ní ẹ̀bi tiwa, kò sì yẹ kí á fi bò. Kí ló dé tí ọ̀dọ́ fi ń lọ kọ́ ọ̀rọ̀ ọkùnrin òun obìnrin lọ́dọ̀ àwọn oníṣòwò? Nítorí pé a dákẹ́ ni. Umm Sulaym dìde níwájú Ànábì, ó ní Ọlọ́hun kì í tijú òtítọ́, ó sì béèrè bóyá ìwẹ̀ di dandan fún obìnrin bí ó bá lálàá. Ànábì kò lé e, ó dá a lóhùn. Ìyá wa Áíṣà yin àwọn obìnrin Ánsárì pé ìtìjú kò dí wọn lọ́wọ́ láti ní ìmọ̀ ẹ̀sìn wọn. Ṣùgbọ́n ní ilé-kéú tiwa, bí a bá ti dé orí ìwẹ̀ jánábà, a ó sáré kà á kọjá, àwọn ọmọ yóò máa rẹ́rìn-ín músẹ́, a ó sì ná wọn. Ọjọ́ tí ọmọbìnrin bá bàlágà, ẹ̀rù ni a fi ń bà á. Ọjọ́ ìgbéyàwó, wàásù lórí sùúrù ni. Ibi tí a kò bá ti tan fìtílà, ẹlòmíràn yóò tan tirẹ̀, kò sì níí bi wá léèrè irú epo tí òun yóò lò.

Àti ọ̀rọ̀ owó ìgbéyàwó. Ànábì wa pe àwọn ọ̀dọ́, ó ní kí ẹni tí ó bá ní agbára nínú wọn gbéyàwó, nítorí pé ó ń rẹ ojú sílẹ̀ jù, kí ẹni tí kò bá ní agbára sì gba ààwẹ̀. A máa ń ka ìdajì kejì fún àwọn ọmọkùnrin wa. Ta ni ó mú ìdajì àkọ́kọ́ nira? Ọmọ ọdún ọgbọ̀n tí ó ní ọkọ̀ àti àwọ̀n, tí ó ti ní ìyàwó lọ́kàn, a ní kí ó wá ra màlúù, kí ó gba gbọ̀ngàn, kí ó ra aṣọ ẹbí, kí ó gbé ẹrù tí ó kún ọkọ̀ méjì wá, lẹ́yìn èyí ni a ó wá máa bá a wí pé kí ló dé tí ó ń wo fóònù lóru. Sàdáákì kékeré ni ó ní ìbùkún. Ẹ̀yin òbí tí ẹ bá ń ka ìwé yìí lẹ́yìn àwọn ọmọ yín, ọ̀rọ̀ yín ni a dé yìí.

Ẹ̀yin tí ẹ ti ṣègbéyàwó, tí ẹ ń wí pé tọkọtaya ni àwa, a kàn jọ ń wò ó ni: Ọlọ́hun pe yín ní aṣọ ara yín nínú Súrátù Bákárà. Kí ni ara ẹni kẹta ń ṣe nínú aṣọ náà? A kò ní sọ jù bẹ́ẹ̀ lọ lórí èyí.

Àwọn kan ní kí ìjọba kàn fòfin dè é. Wọ́n ti gbìyànjú. Ní Kano ní ọdún 2007, gómìnà ìgbà náà, Ibrahim Shekarau, dáná sun ìwé ìfẹ́ èdè Hausa ní gbangba. Ní oṣù karùn-ún ọdún 2025, àjọ tí ń yẹ fíìmù wò ní ìpínlẹ̀ náà dá eré alápá púpọ̀ méjìlélógún (22) dúró nítorí pé wọn kò kọ́kọ́ mú wọn wá fún àyẹ̀wò. Kì í sì í ṣe ìlú Mùsùlùmí nìkan ni ọ̀rọ̀ yìí ń ká lára. Ní Ṣáínà, níbi tí àwọn eré oníṣẹ́jú kan ti bẹ̀rẹ̀, ìjọba mú eré tí ó tó 25,300 kúrò láàrin oṣù díẹ̀, láti ìparí ọdún 2022 sí ìbẹ̀rẹ̀ 2023, wọ́n ní ìwà ọ̀bùn wà nínú wọn. Ní Ìlú Ọba, láti oṣù keje ọdún 2025, òfin ti mú un ní dandan fún àwọn tí ń gbé àwòrán ìhòhò jáde kí wọ́n wádìí ọjọ́ orí ẹni tí ń wò ó dájú. A fara mọ́ òfin tí ó dáàbò bo ọmọdé. Ti iná, kò dá wa lójú. Wọ́n sun ìwé tán, ìtàn náà bọ́ sínú fóònù, fóònù ni kò sì ṣeé kó jọ sun.

Ohun tí àwa ṣe nínú ẹgbẹ́ wa rèé, bí ó ti mọ. A kọ́kọ́ ní kí gbogbo wa máa kó fóònù sílẹ̀ fún akọ̀wé lálẹ́ Jímọ̀. Kò ṣiṣẹ́, àwọn tí wọ́n wà lójú omi nílò fóònù bí ìjì bá jà, akọ̀wé náà sì ní kí á má sọ òun di ọlọ́pàá. A fi í sílẹ̀. Èyí tí ó ń ṣiṣẹ́ díẹ̀ ni kí ẹni méjì méjì tí wọ́n fọkàn tán ara wọn máa jí ara wọn fún ìrun òru, kí wọ́n sì máa gba ààwẹ̀ ọjọ́ Ajé àti Ọjọ́bọ̀ pọ̀. Ibi tí jẹnẹrétọ̀ bá wà ni ọ̀pọ̀ wa ti ń gba iná sí fóònù, nítorí náà àwọn kan ń fi tiwọn sílẹ̀ síbẹ̀ mọ́jú. Arákùnrin tí ó ná owó ẹ́ńjìnnì ni ó mú àbá yìí wá. Ó ní alẹ́ mẹ́ta àkọ́kọ́ ni ó le jù, bí ẹni pé ọwọ́ òun ń wá nǹkan kiri lórí ẹní. Ó ṣubú lẹ́ẹ̀kan lẹ́yìn náà, ó wá sọ fún ẹnì kejì rẹ̀ nìkan, kò sọ fún wa, a sì fẹ́ràn bẹ́ẹ̀, nítorí pé Ànábì wa kìlọ̀ gidigidi fún ẹni tí Ọlọ́hun bo àṣírí rẹ̀ tí òun wá ń tú u síta ní òwúrọ̀. Wọ́n ti ra ohun èlò ẹ́ńjìnnì náà.

Ẹ̀kọ́ fún àwọn tí ó fẹ́ ṣe yìgì ti bẹ̀rẹ̀ pẹ̀lú, lọ́jọ́ Àìkú lẹ́yìn ìrun àsírì. Àwọn ìyá méjì ni wọ́n ń bá àwọn arábìnrin sọ̀rọ̀ ní apá kan, àlùfáà àgbà kan tí kì í tijú òtítọ́ sì ń bá àwọn arákùnrin sọ̀rọ̀ ní apá kejì. Ohun tí ó bá wù yín ni kí ẹ béèrè. Arábìnrin tí ó kọ ìwé gígùn náà, bí ẹ bá ń ka èyí, àyè yín wà níbẹ̀, ọmọkùnrin apẹja náà sì ti ń wá láti ọ̀sẹ̀ méjì sẹ́yìn láìjẹ́ pé ẹnikẹ́ni sọ ọ̀rọ̀ yín fún un. Ó jókòó lẹ́yìn. Ìbéèrè tí ó bi àlùfáà ni bí ènìyàn ṣe lè mọ ohun tí yóò sọ fún ìyàwó rẹ̀.

Àpótí náà ṣì wà lẹ́yìn ilẹ̀kùn. Ẹ má kọ orúkọ yín sí i.